Bí a ṣe ń ṣe àwàdà aláìlẹ́kọ̀ọ́ bíi ti sinimá aláìlóhùn

Ní 1909, D. W. Griffith ṣe fíìmù kékeré kan fún iléeṣẹ́ Biograph, Those Awful Hats. Àwọn obìnrin tó dé àkẹtẹ̀ ràgàjì jókòó síwájú ilé sinimá, ará ẹ̀yìn ò sì ríran mọ́. Ni irin ìkó-nǹkan kan bá sọ̀ kalẹ̀ látòkè, ó já àkẹtẹ̀ kan gbà, ó sì gbé obìnrin kan tòun tàkẹtẹ̀. Irú ìran bẹ́ẹ̀ ṣì ṣeé ṣe lónìí.

Ẹ gbé kámẹ́rà sẹ́yìn gbọ̀ngàn, ẹ má sì ṣí i nídìí mọ́. Ìlà àga mẹ́rin tó. Kí ẹni tó ń wọlé hàn láti orí dé ẹsẹ̀. Tí ẹsẹ̀ ò bá hàn, a ò ní rí i nígbà tó bá tẹ ẹlòmíì mọ́lẹ̀. Èjìká àti ọrùn làwọn òṣèré máa fi sọ̀rọ̀.

Ẹ má kánjú fìyà jẹ aláìlẹ́kọ̀ọ́. Ibí gan-an lọ̀pọ̀ ti ń ṣìṣe. Àkẹtẹ̀ àkọ́kọ́ wọlé, wọ́n fara dà á. Ìkejì wọlé, ẹnì kan rọra bẹ̀ ẹ́ pé kó ṣí i. Obìnrin náà wò ó, ó tún àkẹtẹ̀ náà tẹ̀ mọ́rí, ìyẹ́ rẹ̀ gba ẹlẹ́bẹ̀ nímú, ẹlẹ́bẹ̀ sì sín. Ìkẹta ni kí ìyà tó dé. Tó bá yá jù, àánú rẹ̀ ló máa ṣe olùwòran.

Páálí ni kí ẹ fi ṣe àkẹtẹ̀, kó fẹ̀ tó 60 cm. Okùn mẹ́ta ni kí ẹ so mọ́ etí rẹ̀; okùn kan ṣoṣo á jẹ́ kó dojú kọ ẹ̀gbẹ́. Ẹ má gbé èèyàn gidi sókè. Ẹ dá kámẹ́rà dúró, kí gbogbo òṣèré má mira, kí ẹ fi ọmọláńgidi aláṣọ kan náà rọ́pò ẹni tí irin máa gbé, kí ẹ tó máa yà á lọ.

Láyé ọjọ́un, yíyí ọwọ́ kámẹ́rà lẹ́ẹ̀kan ń ya àwòrán 8. Ẹ̀ẹ̀méjì ní ìṣẹ́jú àáyá kan jẹ́ 16. Ẹ ya ìjà ní àwòrán 12 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, kí ẹ fi í hàn ní 16: ìjà ìṣẹ́jú àáyá 12 á di 9. Ẹ̀bẹ̀ ní tirẹ̀, 16 ni kí ẹ fi yà á, torí sùúrù tó ń sáré kì í pani lẹ́rìn-ín.

Fún sinimá tí àwọn òǹwòran inú ìran náà ń wò lójú ògiri, ẹ fi páálí dúdú bo ibẹ̀ níwájú lẹ́ńsì, ẹ ya gbọ̀ngàn, ẹ dá fíìmù padà síbẹ̀rẹ̀, kí ẹ wá bo gbọ̀ngàn, kí ẹ sì ya àwòrán ojú ògiri náà. Orí ẹni tó bá dìde kọjá ìlà páálí náà á pòórá, nítorí náà àwọn kúkúrú ni kó jókòó níwájú.