Ẹsẹ̀ Agbóògùn ló jẹ owó mi: bí mo ṣe kó ẹbí ọkọ mi gun Òkè Ìdànrè

Ẹ jẹ́ n kọ́kọ́ sọ èyí tó dùn mí jù: ₦35,000 tí mo tún kà fún dírẹ́bà básì lẹ́yìn tí a ti dúnàá-dúrà tán ní Ìbàdàn, àlọ àtàbọ̀, tí mo sì ti san ìlàjì. Aago mẹ́ta la jọ fàdéhùn sí pé a máa sọ̀ kalẹ̀, aago márùn-ún kọjá ogún ìṣẹ́jú la tó sọ̀. Ẹsẹ̀ kan ṣoṣo ló dá wa dúró. Kì í ṣe ẹsẹ̀ ẹni tó rọ o, ẹsẹ̀ tó wà lára àpáta ni.

Èmi ni mo dá a lábàá. Ọkọ mi ní ká lọ sí etí òkun l'Ékòó, mo ní etí òkun wo, nígbà tí òkè tí Nàìjíríà ti fi orúkọ rẹ̀ sílẹ̀ lọ́dọ̀ UNESCO, àjọ tó ń kọ orúkọ àwọn ibi àjogúnbá àgbáyé sílẹ̀, láti 2007 wà ní ìpínlẹ̀ Òǹdó níbí tí a ò tíì fojú kàn án. Àwa mẹ́rìnlá la lọ: àwa àtàwọn ọmọ, àwọn àbúrò ọkọ mi àti tiwọn, pẹ̀lú Màmá, ìyá ọkọ mi, ẹni ọdún 71. Ìbàdàn sí Ifẹ̀ sí Iléṣà sí Àkúrẹ́, ẹ mọ ọ̀nà yẹn, mi ò ní fi àkókò yín ṣòfò. Owó ẹnu ọ̀nà náà, ẹ ṣáà san án.

Àtẹ̀gùn yẹn ńkọ́? Àwọn kan ní 667, àwọn kan ní 682, èmi ka 211, mi ò lè kà mọ́, èémí ló kù tí mò ń wá. Ibi ìsinmi márùn-ún ló wà lójú ọ̀nà, a sinmi ní márààrún, a sì dá tiwa sílẹ̀ sí i. Màmá dé òkè ṣáájú mi! Mò ń sọ ọ́ kẹ́ ẹ lè mọ̀ pé kì í ṣe àárẹ̀ ló fa ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn ẹ̀.

Lókè, a rí ìlú àtijọ́ tí àwọn ará Ìdànrè fi sílẹ̀ nígbà tí wọ́n ń sọ̀ kalẹ̀ láàárín 1928 sí 1933, ààfin Ọwá, ọba Ìdànrè, kóòtù, àwọn ilé tó dákẹ́. Ó wú mi lórí gan-an, àwọn ọmọ ya fọ́tò. Ó dáa, ká bọ́ síbi ọ̀rọ̀ wà.

Ọmọkùnrin tó ń mú wa kiri kó wa dé ibi ẹsẹ̀ Agbóògùn, ó ní akọni ìgbà ìwáṣẹ̀ kan ni, ibi tó tẹ àpáta mọ́lẹ̀ rèé, pé ẹsẹ̀ kékeré ẹsẹ̀ ńlá, ó máa gba gbogbo ẹ̀, àyàfi ẹsẹ̀ àjẹ́. Ó sọ ọ́ tẹ̀ríntẹ̀rín. Lójú ẹsẹ̀ ni àwọn ọmọ ti ń bọ́ bàtà. Ọmọ ọdún mẹ́rin ki ẹsẹ̀ bọ̀ ọ́, ó gbà. Ọkọ mi tó ń wọ bàtà 45 ki tiẹ̀ bọ̀ ọ́, ó gbà. Ló bá ku Màmá.

"Màmá, ẹ bọ́ bàtà yín."

"Bàtà kí ni? Ẹ máa ṣe tiyín lọ."

Ọmọ mi kékeré, tí ẹnu ẹ̀ ò ní ìlẹ̀kùn, ní, "Gíráńmà, ṣé torí ohun tí Bùọ̀dá yẹn sọ ni?" Ilẹ̀ pa rọ́rọ́. Àbúrò ọkọ mi obìnrin rẹ́rìn-ín, ó ní kí Màmá jẹ́ ká parí ẹ̀, kò mọ̀ pé ẹ̀rín yẹn ló bà á jẹ́ pátápátá. Ọkọ mi wá ń wò mí bíi pé èmi ni mo lọ gbẹ́ ihò yẹn. Kí ni n fẹ́ sọ? Ìyàwó ilé ni mí, èmi ni mo kó wọn wá.

Màmá jókòó sórí àpáta. Wọ́n ní, "Ẹsẹ̀ tí mi ò mọ ìdílé ẹni tó ni ín, mi ò ní ki tèmi bọ̀ ọ́. Tó bá gbà mí, kí ni èrè mi? Tí kò bá gbà mí ńkọ́, ṣé àpáta yìí ló máa bá mi lọ ṣàlàyé ní ṣọ́ọ̀ṣì?"

Kò sẹ́ni tó lè dá wọn lóhùn, èmi náà ò rí i dá di òní. Ṣùgbọ́n àwọn èrò mìíràn ti tò sẹ́yìn wa, ẹnìkan gbé fóònù sókè, àbúrò ọkọ mi ní kó pa fídíò yẹn rẹ́, onítọ̀hún ní òun ò ya fídíò, bí ìjà ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn, wákàtí kan gbáko. Dírẹ́bà ń pè, mi ò gbé e.

Nígbà tó sú mi, mo bọ́ bàtà, mo ní kí èmi náà wọlé kí ọ̀rọ̀ tán. Gìgísẹ̀ mi yọ síta. Mo tún un gbé, ó tún yọ. Ọmọkùnrin yẹn ní, "Mọ̀mí, ẹ yí i sósì díẹ̀." Mo yí i, ó wọlé. Màmá bú sẹ́rìn-ín, ẹ̀rín àkọ́kọ́ látìgbà tí wàhálà ti bẹ̀rẹ̀: "Háà, ó yí i kó tó gbà!" Wọ́n dìde, wọ́n ní ó yá ká máa lọlé.

Àwọn kan ní "ìdán rè é" ló di Ìdànrè. Ìdán témi rí ni bí ₦35,000 ṣe pòórá lọ́wọ́ mi nísàlẹ̀ òkè. Tó bá jẹ́ pé mo tún un lọ, mo máa bá dírẹ́bà sọ iye owó wákàtí kọ̀ọ̀kan tó bá fi dúró kó tó ṣáná, mo sì máa fa ẹni tó ń mú wa kiri sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, mo máa bẹ̀ ẹ́ pé kó fo ibi àjẹ́ yẹn, kó kàn ní akọni ló tẹ̀ ẹ́. Ẹ tètè gùn ún láàárọ̀ o, àpáta yẹn gbóná lọ́sàn-án.

Ní báyìí, fọ́tò òkè yẹn ni Màmá fi sójú WhatsApp wọn, bàtà wà lẹ́sẹ̀ wọn digbí. Tí mo bá sì dé ilé wọn, tí mo fẹ́ bọ́ bàtà lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n á ní, "Rọra o, ìyàwó mi, má gbàgbé láti yí i."