Bí Mo Ṣe Ya Mọ́ṣáláṣí Shitta-Bey Sórí Káàdì Wolímọ̀

Àfáà ilé-kéwú wa ní Ẹ̀bútẹ́ Mẹ́tà ló ní òun kò fẹ́ òṣùpá àti ìràwọ̀ tí gbogbo ayé ń tẹ̀ sórí káàdì wolímọ̀ mọ́. Mọ́ṣáláṣí àtijọ́ kan ní Èkó ni kí n yà síbẹ̀. Mo mú ti Shitta-Bey ní Martins Street, tí kò jìnnà sí Marina àti ọ̀sà. Mọ́ṣáláṣí Àpapọ̀ ìbá wù mí, àmọ́ wọ́n ti wó èyí tí wọ́n ṣí lọ́dún 1913. Ọdún 1988 ni wọ́n ṣí èyí tó wà níbẹ̀ báyìí.

Mo kírun níbẹ̀ ná, mo wá kúnlẹ̀ kí àwọn bàbá tó jókòó, mo sọ ohun tí mo bá wá. Wọ́n ní kí n máa yà á, kí n má ṣáà ya ẹni tó ń kírun. Ọjọ́ Àìkú ni mo padà lọ, torí pé lọ́jọ́ ọjà, agboòrùn àwọn alápatẹ kì í jẹ́ kéèyàn rí ìsàlẹ̀ ilé náà. Àdúgbò ọ̀hún há: ẹni tó bá ń fẹ̀yìn rìn kó lè rí òkè ilé náà, ṣọ́ọ̀bù oníṣọ́ọ̀bù ni yóò bá ara rẹ̀. Nítorí náà, mo yà á ní wẹ́wẹ́, mo wá tò wọ́n pọ̀ nílé.

Ìlà àárín ni mo kọ́kọ́ fà. Gíga ìlẹ̀kùn ni mo fi ṣe òṣùwọ̀n. Mo na pẹ́ńsùlù sí i, mo di ojú kan, mo wá ń fi wo ìyókù. Ògiri àti fèrèsé kò pẹ́ rárá. Àwọn ọnà tí wọ́n fi símẹ́ǹtì fà sára ògiri ló jẹ mí lọ́wọ́. Ìgbà tí mò ń yà wọ́n ni mo tó rí i dáadáa pé ẹni tó mọ bí wọ́n ṣe ń kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì ló kọ́ mọ́ṣáláṣí yìí. João Baptista da Costa, Àgùdà tó ti Bùràsíìlì dé, ló darí iṣẹ́ náà, ó sì kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń kọ́lé lọ́hùn-ún. Ẹ lọ wo mọ́ṣáláṣí ńlá Àjàṣẹ́ (Porto-Novo) ní orílẹ̀-èdè Benin, ẹ ó rí i pé ìyá kan náà ló bí wọn.

Ẹni tó sanwó kì í ṣe Àgùdà. Sàró ni Mohammed Shitta. Sierra Leone ni wọ́n bí i sí, òwò ló sì fi lówó. Owó Sàró, ọwọ́ Àgùdà: lójú tèmi, Èkó gan-an nìyẹn.

Ọ̀rọ̀ ẹ̀yìn káàdì ló fa àríyànjiyàn. Àfáà fẹ́ kí orúkọ Gómìnà Carter wọ̀ ọ́, torí pé ó wà níbi ìṣíde ní ọjọ́ 4 oṣù Keje 1894. Mo ní àyè kò tó, pé Quilliam ló yẹ ká fi síbẹ̀, òyìnbó Liverpool tó gba Ìsìláàmù. Òun ni Sultan Abdul Hamid Kejì ti Tọ́kì rán wá láti fi oyè Bey dá Shitta lọ́lá. Lẹ́tà tó mú wá tún rọ àwọn Mùsùlùmí Èkó pé kí wọ́n fi ọmọ wọn sí ilé-ìwé. Àwọn ọmọ tó ń ṣe wolímọ̀ ló yẹ kó ka irú èyí. Àfáà rẹ́rìn-ín, ó gbà.

Kó tó di pé mo gbé e lọ sọ́dọ̀ àwọn atẹ̀wé, mo fi bírò dúdú tún gbogbo ìlà fà kó nípọn, torí ìlà pẹ́ńsùlù máa ń pòórá lórí káàdì. Ọnà orí fèrèsé tó kéré jù, mo yọ díẹ̀ nínú wọn kúrò. Ohun tó wà lẹ́yìn káàdì kò ju ìlà mẹ́rin lọ: orúkọ Shitta, orúkọ da Costa, Quilliam àti lẹ́tà rẹ̀, àti ọdún 2013 tí ìjọba àpapọ̀ sọ ilé náà di ohun ìṣẹ̀ǹbáyé orílẹ̀-èdè.