Bí mo ṣe gba ojú-ewé àwìn ṣọ́ọ̀bù wa padà lọ́wọ́ fáìlì DLL

₦15,000 ni ọmọkùnrin kan tó ń tún kọ̀ǹpútà ṣe gbà lọ́wọ́ àbúrò mi, kọ̀ǹpútà sì padà wálé pẹ̀lú àìsàn tó ju èyí tó gbé lọ. Mi ò sí nílé lọ́jọ́ náà. Ká ní mo wà nílé ni, owó yẹn ì bá ṣì wà lápò wa. Ẹ má bínú bí ohùn mi bá le díẹ̀.

Ohun èlò ìkọ́lé la ń tà: sìmẹ́ńtì, ìṣó, páànù, irin. Sọ́fítíwià kan lórí Windows la fi ń kọ ọjà tó jáde àti owó tó wọlé. Iṣẹ́ inú rẹ̀ pọ̀, gbogbo ṣọ́ọ̀bù kọ́ ló sì ń lo gbogbo rẹ̀, nítorí náà ẹni tó kọ ọ́ fi fáìlì DLL kan (ẹ̀ka sọ́fítíwià tó wà nínú fáìlì tirẹ̀ lọ́tọ̀) sí i tó ń pinnu èyí tó máa ṣí àti èyí tó máa wà ní títì. DLL yìí á ka fáìlì ètò kékeré kan tí wọ́n kọ orúkọ iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan sí, pẹ̀lú true tàbí false níwájú rẹ̀. Bí sọ́fítíwià bá fẹ́ gbé ojú-ewé àwìn jáde, á kọ́kọ́ bi DLL náà bóyá kóun gbé e jáde. Tiwa máa ń ṣí, torí àwọn bíríkìlà àti agbaṣẹ́ṣe kì í sanwó tán lẹ́ẹ̀kan.

Iná lọ níbi tí sọ́fítíwià náà ti ń gba àtúnṣe tuntun. Nígbà tí iná dé, Windows ní òun ò rí DLL yẹn mọ́, pé bí a bá tún sọ́fítíwià náà fi sórí ẹ̀rọ, ó ṣeé ṣe kó yanjú. Ìdáhùn ti wà nínú ìkìlọ̀ ọ̀hún. Ọmọkùnrin tó ń tún kọ̀ǹpútà ṣe yẹn ò kà á. Àbúrò mi jókòó tì í, ó ń wo gbogbo ohun tó ń ṣe: ó wá orúkọ fáìlì náà lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ó dáńlóòdù rẹ̀ níbi tí wọ́n ti ń pín DLL lọ́fẹ̀ẹ́, ó jù ú sínú System32, fódà Windows fúnra rẹ̀. Ìkìlọ̀ ò yí padà. Ó tún gbé fáìlì kan náà sínú fódà sọ́fítíwià wa, ìkìlọ̀ wá di nọ́ńbà àṣìṣe kan, 0xc000007b. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, Windows yín ti bàjẹ́, àfi ká fọ́máàtì ẹ̀." Ọpẹ́lọpẹ́ àbúrò mi tó ní kó dúró ná.

Windows ò bàjẹ́ rárá. 32-bit, irú ti àtijọ́, ni sọ́fítíwià wa, DLL tó dáńlóòdù jẹ́ 64-bit, irú ti tuntun; ọ̀kan ò lè lo ti èkejì. Lórí Windows 64-bit, fáìlì 64-bit ló ń gbé inú System32, àwọn 32-bit sì wà ní SysWOW64. Mo mọ̀ pé orúkọ méjèèjì dojú rú, ṣùgbọ́n ẹni tó ń gbowó lórí iṣẹ́ yìí yẹ kó mọ̀ ọ́n. Sọ́fítíwià wa ò lè rí ohun tó jù sí System32. Ìgbà tó sì gbé e sínú fódà tiwa, méjèèjì ò bára mu, ni 0xc000007b bá yọjú.

Mo pa àwọn fáìlì àlejò yẹn rẹ́, mo yọ sọ́fítíwià náà kúrò, mo tún un fi sórí ẹ̀rọ láti inú èyí tí ẹni tó kọ ọ́ fún wa. Ó ṣí. Mo ti ń yin ara mi.

Ni mo bá wá ojú-ewé àwìn tì. Ojú-ewé ẹ̀dínwó pàápàá ò sí. Orúkọ àwọn onígbèsè ṣì wà níbi tí sọ́fítíwià ń kó àkọsílẹ̀ sí, àmọ́ kò sí ọ̀nà àtidé ibẹ̀. Àárín ìgbà yẹn ni agbaṣẹ́ṣe kan wọlé, tó ní òun ò jẹ wá ní nǹkan kan mọ́.

Mo ṣí fáìlì ètò inú Program Files (x86). False ni gbogbo rẹ̀, bó ṣe máa ń rí bí wọ́n bá ṣẹ̀ṣẹ̀ fi sọ́fítíwià náà sórí ẹ̀rọ. Mo fi àṣẹ alábòójútó yí àwìn sí true, mo fi pamọ́, mo ṣí sọ́fítíwià. Kò sí nǹkan kan. Mo yẹ kọ́mà inú rẹ̀ wò, torí kọ́mà kan ṣoṣo lè ba irú fáìlì bẹ́ẹ̀ jẹ́. Kọ́mà pé. Mo pa kọ̀ǹpútà, mo tún tàn án. Pàbó. Inú bí mi, mo gbé fáìlì náà kúrò nínú fódà pátápátá. Sọ́fítíwià ṣí wọ́ọ́rọ́wọ́, kò ráhùn, bíi pé kò sí ohun tó sọnù.

Ibẹ̀ lojú mi ti là. Fáìlì tí mo gbé kúrò tí ẹni tó ń kà á ò béèrè rẹ̀, a jẹ́ pé òmíràn ló ń kà.

Mo dáńlóòdù Process Monitor láti ọ̀dọ̀ Microsoft fúnra wọn. Ọ̀fẹ́ ni, kò sì nílò kéèyàn fi sórí ẹ̀rọ. Ó wà lára àwọn irinṣẹ́ Sysinternals tí Microsoft rà ní 2006. Mo ní kó fi gbogbo fáìlì tí sọ́fítíwià wa ń fọwọ́ kàn hàn mí. Ìlà lórí ìlà, títí mo fi rí i: AppData\Local\VirtualStore.

Láti ìgbà Windows Vista, bí sọ́fítíwià 32-bit àtijọ́ bá fẹ́ kọ nǹkan sínú Program Files láìní àṣẹ, Windows á rọra darí rẹ̀ sí VirtualStore, kò ní sọ fún ẹnikẹ́ni. Láti ìgbà náà lọ, ẹ̀dà tó wà níbẹ̀ ni sọ́fítíwià náà á máa kà. Tiwa tó wà níbẹ̀ jẹ́ 0 KB. Iná tó lọ ti sọ ọ́ di òfìfo. Torí pé abẹ́ orúkọ ẹni tó ń lo kọ̀ǹpútà ló wà, yíyọ tí mo yọ sọ́fítíwià kúrò ò kàn án.

Mo yí orúkọ rẹ̀ padà, mo dá tinú Program Files padà sáyè rẹ̀, mo ṣí sọ́fítíwià. Àwìn jáde, gbèsè agbaṣẹ́ṣe wa jáde tòun ti déètì. Mo tẹ̀ ẹ́ sórí pépà fún un. Kò sọ̀rọ̀ mọ́.

Mi ò bá DLL náà jà pé ó rí òfìfo ó sì ti gbogbo nǹkan. Kó ṣí ohun tí kò yẹ kó ṣí ló burú jù. Ní August 1, 2012, ilé iṣẹ́ Knight Capital, tó ń ra ìpín ìdókòwò tó sì ń tà á ní Amẹ́ríkà, tún àmì àtijọ́ kan lò nínú sọ́fítíwià wọn láti fi ṣí iṣẹ́ tuntun, ṣùgbọ́n wọn ò ṣe àtúnṣe dé ọ̀kan nínú kọ̀ǹpútà ńlá (sáfà) 8 wọn. Iṣẹ́ àtijọ́ jí lórí sáfà yẹn, ó sì ń ra ìpín ìdókòwò ó ń tà á fún nǹkan bí ìṣẹ́jú 45. Ó ná wọn ní mílíọ̀nù dọ́là tó ju 400 lọ.

Ká ní mo mọ̀ ni, Process Monitor ni ǹ bá kọ́kọ́ ṣí. Bí DLL bá sọnù, NAME NOT FOUND ló máa kọ síwájú rẹ̀, ẹ ó sì rí gbogbo fódà tí sọ́fítíwià ti wá a dé. Ẹni tó kọ tiwa ní òun á gbé fáìlì ètò lọ sí ProgramData, fódà tí Windows yà sọ́tọ̀ fún irú fáìlì bẹ́ẹ̀, nínú ẹ̀dà tó ń bọ̀. Mo ní kó jẹ́ ọ̀sán tí jẹnẹrétọ̀ bá wà ní títàn ni kó fi ránṣẹ́.