Bí A Ṣe Ń Ṣẹ̀dá Olú Tí Ń Rántí Ìṣẹ̀lẹ̀ Fún Ìtàn Àròsọ

Ẹni tí ó bá fẹ́ kọ ìtàn àròsọ nípa olú kan tí ń gba ìṣẹ̀lẹ̀ sára, tí ó sì lè tún un gbé jáde lẹ́yìn ọdún púpọ̀, gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ pinnu ohun tí olú náà kò lè ṣe. Àṣìṣe tí mo máa ń bá pàdé jù nínú irú ìtàn yìí ni pé òǹkọ̀wé a sọ olú di fídíò: akọni ìtàn fọwọ́ kàn án, gbogbo ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní ogún ọdún sẹ́yìn sì yọ kedere, ti àwòrán ti ohùn. Irú ìrántí bẹ́ẹ̀ kò nílò olú. Dígí tàbí òkúta lè ṣe é, òǹkàwé yóò sì fura pé ẹ̀ṣọ́ lásán ni wọ́n fi olú ṣe. Ìmọ̀ràn mi ni pé kí ìwà olú tòótọ́ pàṣẹ irú ìrántí tí olú inú ìtàn yóò ní. Mo ń pe ohun àfinúrò náà ní olúrántí níhìn-ín. Ó jọ orúkọ ènìyàn, ó sì wù mí bẹ́ẹ̀.

Kí ẹ tó kọ ọ̀rọ̀ kan sílẹ̀, ẹ wá igi kan tí ó ti wó, tí ọ̀rinrin ti mú, kí ẹ sì ṣí èèpo rẹ̀ díẹ̀. Fọ́nrán funfun wẹ́wẹ́ tí ẹ óò rí lábẹ́ rẹ̀, tí ó ń ya ẹ̀ka lọ́tùn-ún lósì, tí ó ń rùn bí ilẹ̀ tí òjò ṣẹ̀ṣẹ̀ rọ̀ sí, òun gan-an ni olú. Èyí tí ó yọ orí síta tí a ń ká kò ju ohun tí olú fi ń tú irúgbìn rẹ̀ ká lọ, bí èso ti jẹ́ fún igi. Fọ́nrán yìí kì í gbé oúnjẹ mì. Ó ń da oje sára ohun tí ó bá fara kàn, oje náà á yọ́ ọ, olú á sì fa èyí tí ó yọ́ wọlé. Nítorí èyí ni mo ṣe gbà pé ìrántí olúrántí gbọ́dọ̀ jẹ́ ìrántí ìtọ́wò àti ìfọwọ́kàn: ohun tí kò bá dé ara rẹ̀, kò mọ̀ ọ́n. Lóòótọ́, olú kan wà tí ó mọ ìmọ́lẹ̀ yàtọ̀ sí òkùnkùn, bí Phycomyces tí ń tẹ̀ síhà ibi tí ìmọ́lẹ̀ ti ń bọ̀, ṣùgbọ́n kí ohun kan mọ̀ pé ilẹ̀ ti mọ́ jìnnà sí kí ó dá ojú ènìyàn mọ̀.

Òfin tí yóò ṣe yín láǹfààní jù wà ní ṣóńṣó fọ́nrán náà. Ibẹ̀ nìkan ni fọ́nrán olú ti ń gùn sí i. Èyí tí ó wà lẹ́yìn ti dúró síbi tí ó dé. Tí ẹ bá wá sọ pé ṣóńṣó nìkan ni ń gba ìṣẹ̀lẹ̀ sára, kíá ni jíjìnnà di ọjọ́ orí. Ká ní olúrántí yín ń rin mìlímítà kan lóòjọ́ láti ibi tí ó ti bẹ̀rẹ̀. Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní ọdún kan lẹ́yìn ìbẹ̀rẹ̀ yóò wà ní sẹ̀ǹtímítà 36.5 sí orísun, ti ogún ọdún yóò sì wà ní nǹkan bíi mítà 7.3. Akọni yín lè kúnlẹ̀ pẹ̀lú rúlà, kí ó wọn ilẹ̀ títí yóò fi dé ọjọ́ tí ó ń wá. Ó tún lè bá àlàfo pàdé, bóyá níbi tí fọ́nrán ti kan òkúta gbígbẹ tí kò sì lè kọjá, kí ó wá mọ̀ pé odindi oṣù mẹ́ta ti sọnù láìsí ẹni tí ó jí i. Bí ẹ bá sì fẹ́ kí olúrántí gbòòrò ju ilé kan lọ, ẹ má bẹ̀rù: nínú igbó Malheur, ní ìpínlẹ̀ Oregon ní Amẹ́ríkà, olú Armillaria ostoyae kan ṣoṣo tàn dé nǹkan bíi hẹ́kítà 965 lábẹ́ ilẹ̀, ọjọ́ orí rẹ̀ sì ju ẹgbẹ̀rún ọdún méjì lọ gẹ́gẹ́ bí àwọn onímọ̀ ti fojú bù ú.

Ẹ lè rí ìtìlẹ́yìn díẹ̀ nínú ìwádìí. Ní ọdún 2020, àwọn olùwádìí gbé ìwádìí kan jáde lórí olú Phanerochaete velutina, nínú èyí tí wọ́n jẹ́ kí ó hù láti inú ègé igi kan lọ sínú òmíràn, lẹ́yìn náà wọ́n gé fọ́nrán tí ó ti jáde kúrò, wọ́n sì gbé ègé igi àkọ́kọ́ sórí ilẹ̀ tuntun. Láti ẹ̀gbẹ́ tí ó ti kọjú sí oúnjẹ tẹ́lẹ̀ ni olú náà ti tún máa ń hù jù, bí ẹni pé ó ṣì mọ ọ̀nà. Ẹ ṣọ́ra fún Physarum polycephalum, ohun ẹlẹ́mìí kan tí ń yọ̀ tí ó sì ń rá pálá lórí igi jíjẹrà, èyí tí àwọn olùwádìí ní Jàpáànù fi hàn ní ọdún 2008 pé ó lè máa fojú sọ́nà fún òtútù tí ń dé ní àsìkò kan náà. Ohun ìyanu ni, ṣùgbọ́n kì í ṣe olú, bí ọ̀pọ̀ ènìyàn tilẹ̀ ń kà á mọ́ olú.

Ìgbéjáde ni ó yẹ kí ẹ fi àkókò sí jù. Ẹ jẹ́ kí omi jẹ́ kọ́kọ́rọ́ rẹ̀, nítorí olú bíi Schizophyllum commune lè gbẹ gan-an fún ọdún púpọ̀ kí ó sì tún sọjí nígbà tí omi bá kàn án. Ká ní obìnrin kan ń wá ọjọ́ tí ìyá rẹ̀ jáde nílé tí kò padà, ó wá fi òwú tútù ta omi sí ibi tí ó ti wọ̀n. Kò ní rí ojú ìyá rẹ̀. Ohun tí yóò bá a ni òórùn ọṣẹ, ìwúwo ẹsẹ̀ tí ń tẹ pákó ilẹ̀, ọ̀kan wúwo ju èkejì lọ nítorí ìyá náà ń tiro, ìdúró pípẹ́ níbi tí ẹsẹ̀ méjèèjì ti wà pa pọ̀, àti ooru àtẹ́lẹwọ́ kan lẹ́bàá ìlẹ̀kùn. Ìyá náà dúró kí ó tó lọ. Fún èmi, ìdúró yẹn ju àwòrán ojú lọ, nítorí òǹkàwé ni yóò fúnra rẹ̀ fi ojú sí i.

Ìgbéjáde náà gbọ́dọ̀ ní iye tí yóò gbà lọ́wọ́ ẹni. Bí oúnjẹ bá wọ́n, olú tòótọ́ a máa tú fọ́nrán rẹ̀ àtijọ́ palẹ̀ láti fi bọ́ ṣóńṣó tí ń lọ síwájú. Olúrántí tí ebi ń pa yóò jẹ ìrántí ara rẹ̀, bẹ̀rẹ̀ láti èyí tí ó gbó jù. Ẹni tí ó bá fẹ́ pa ìrántí ìyá rẹ̀ mọ́ yóò máa fún un ní igi jẹ, bóyá títí dé orí àga tí ìyá náà máa ń jókòó lé.

Ìparapọ̀ náà ń kọ́? Fọ́nrán olú kan náà máa ń so pọ̀ níbi tí wọ́n bá ti pàdé, nítorí náà ìrántí yàrá méjì lè dà pọ̀, kí ẹsẹ̀ aládùúgbò wọ inú ọjọ́ tí kò sí níbẹ̀. Olú méjì tí kò bára mu a sì máa fi ìlà dúdú pààlà sáàárín ara wọn nínú igi. Àwọn gbẹ́nàgbẹ́nà kan fẹ́ràn irú igi bẹ́ẹ̀ fún ẹwà rẹ̀. Ẹ lo ìlà náà: kí ìrántí má ṣe kọjá rẹ̀ láé. Ní ti irúgbìn olú, ẹ jẹ́ kí ó bẹ̀rẹ̀ láìmọ nǹkan kan, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ afẹ́fẹ́ yóò kún fún àṣírí gbogbo ènìyàn.

Kọ àwọn òfin wọ̀nyí sínú ìwé kan ṣoṣo, fún ẹnì kan tí kò mọ ìtàn náà, kí o sì bi í pé: ká ní ilé náà jóná ní alẹ́ àná, kí ni yóò kù fún obìnrin yẹn? Tí ó bá lè dáhùn láìsí ìrànlọ́wọ́ rẹ, bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ìran àkọ́kọ́.