Bí mo ṣe fi pákó tí kò tẹ̀ ṣe ìjókòó róbótó yí igi máńgòrò ká

Màmá kan ládùúgbò wa, tíṣà tó ti fẹ̀yìn tì, ló ránṣẹ́ pè mí. Igi máńgòrò ńlá kan wà láàárín ọgbà wọn, abẹ́ rẹ̀ ni wọ́n ti ń gba afẹ́fẹ́ nírọ̀lẹ́. Wọ́n ní àwọn fẹ́ ìjókòó tó máa yí ìdí igi náà ká.

"Róbótó ni mo fẹ́ o, káfíńtà. Mi ò fẹ́ oníhà mẹ́rin bíi bẹ́ǹṣì ilé ẹjọ́."

Mo ní, "Ẹ fọkàn balẹ̀, Màmá, ó ti parí." Ẹnu ni mo fi sọ ọ́. Nínú ọkàn mi, mo ti ń ronú ibi tí mo ti fẹ́ rí pákó tó tẹ̀.

Igi tí wọ́n là ní sọ́míìlì, gbọọrọ ló ń jáde, ẹsẹ̀ bàtà 12, kò yà sọ́tùn-ún, kò yà sósì. Ọ̀nà kan wà tí mo lè gbà: kí n ra pákó tó fẹ̀, kí n ya ìlà tó tẹ̀ sórí rẹ̀, kí n sì fi ayùn tọ ìlà náà. Mo ti ṣe bẹ́ẹ̀ rí fún orí bẹ́ẹ̀dì kan. Bí ìdajì pákó yẹn ṣe di ohun ìdáná nìyẹn. Owó tó ṣòfò gan-an kọ́ ló dùn mí jù. Iṣan igi máa ń tọ gígùn pákó ni. Bí o bá gé e ní kọrọ, iṣan á já sí etí, ibi tó ti já yẹn ni yóò sì ti là lọ́jọ́ tí ẹni tó sanra bá jókòó lé e. Nítorí náà mo pinnu pé ẹyọ pákó kọ̀ọ̀kan máa gún, àpapọ̀ wọn ló máa yípo.

Okùn ni mo fi wọn igi náà. Mo wé e mọ́ ọn níbi tí ìjókòó máa ga dé, mo tú u, mo sì nà án sórí téèpù: ìńṣì 66. Bí ohun tó yípo ṣe ń di ìlà gbọọrọ nìyẹn, ojoojúmọ́ sì ni télọ̀ ń ṣe é pẹ̀lú ìdí oníbàárà rẹ̀. Mo fi 7 sọ 66 di púpọ̀, mo fi 22 pín in, ó fún mi ní 21. Igi náà nípọn ní ìńṣì 21, láti àárín rẹ̀ dé èèpo sì jẹ́ 10½. Igi tó wà láàyè ṣì ń sanra, torí náà mo fi bíi ìńṣì 9 sílẹ̀ láàárín èèpo àti ìjókòó. Ìjókòó fúnra rẹ̀ máa fẹ̀ ní ìńṣì 17. Nígbà tí mo ro gbogbo rẹ̀ pọ̀, ó jẹ́ bíi 36½ láti àárín igi dé àárín etí ìta; igun sì máa ń yọ síta díẹ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ, torí náà igun tó jìnnà jù máa wà ní ìńṣì 38 sí àárín.

Ó yẹ kí n kan ìṣó mọ́ àárín, kí n so okùn mọ́ ọn, kí n fà á yípo. Ṣùgbọ́n igi ló dúró sí àárín! Ta ló fẹ́ kan ìṣó sínú máńgòrò Màmá? Mo padà sí ṣọ́ọ̀bù, mo gbá ilẹ̀ sìmẹ́ńtì mọ́, mo sì ya gbogbo rẹ̀ síbẹ̀ bó ṣe máa tóbi gan-an.

Okùn ìńṣì 38, ìṣó lápá kan, ṣọ́ọ̀kì lápá kejì. Nígbà tí òbìrípo jáde tán, mi ò tú okùn náà. Mo fi gígùn rẹ̀ kan náà wọn orí òbìrípo láti ojú àmì kan dé òmíràn. Ẹ̀ẹ̀mẹ́fà géérégé ló gbà kí ó tó padà síbi tó ti bẹ̀rẹ̀. Bí òbìrípo kékeré ni, bó sì tóbi bí pápá, mẹ́fà náà ni. Ọmọ iṣẹ́ mi rò pé mo fi idán sí i. Lẹ́yìn náà mo pín àlàfo kọ̀ọ̀kan sí méjì: láti ojú àmì méjì tó tẹ̀ léra, mo fa ìlà kékeré tó tẹ̀ láti apá méjèèjì, ibi tí wọ́n ti pàdé ni mo fa ìlà gbọọrọ gbà lọ sọ́dọ̀ ìṣó. Àmì mẹ́fà di méjìlá. Mo so wọn pọ̀ pẹ̀lú ìlà gbọọrọ méjìlá. Mo dìde dúró, mo wò ó láti ẹnu ọ̀nà. Róbótó ni.

Kí ló dé tó fi jẹ́ méjìlá? Mo ti wọn ohun tó máa ṣẹlẹ̀ lórí ilẹ̀ kan náà. Àárín ìlà gbọọrọ kọ̀ọ̀kan máa ń wọnú ju òbìrípo lọ díẹ̀, ojú sì ń rí àlàfo yẹn. Bí mo bá ṣe é ní ìhà mẹ́fà, àlàfo náà máa tó ìńṣì 5, kò sì sẹ́ni tí kò ní pè é ní oníhà mẹ́fà. Ìhà mẹ́jọ, bíi 3. Ìhà méjìlá, ó lé díẹ̀ ní 1¼. Ìhà mẹ́rìnlélógún, ìdá kan nínú mẹ́ta ìńṣì. Ẹ wò ó dáadáa: nígbà tí ìhà di ìlọ́po méjì, àlàfo kì í dín sí ìdajì, ìdá kan nínú mẹ́rin ló ń kù sí. Láti mẹ́fà sí méjìlá, èrè ńlá ni. Láti méjìlá sí mẹ́rìnlélógún, ìńṣì kan péré lo jèrè, iṣẹ́ sì di ìlọ́po méjì, torí pé abẹ́ oríkèé kọ̀ọ̀kan gbọ́dọ̀ ní igi ìdábùú àti ẹsẹ̀ méjì. Ẹsẹ̀ 24 ti pọ̀ tó. Ẹsẹ̀ 48 dà bí ọ̀kùn.

Archimedes, onímọ̀ ìṣirò àwọn Gíríìkì àtijọ́, ará Syracuse, ti rìn lọ́nà yìí ní ohun tó lé ní 2,200 ọdún sẹ́yìn. Òun náà bẹ̀rẹ̀ láti ìhà mẹ́fà, ó sọ ọ́ di 12, 24, 48, títí ó fi dé 96. Ó wọn oníhà 96 tó wà nínú òbìrípo àti èyí tó wà lóde rẹ̀, ó sì fi hàn pé bí o bá fi ìbú òbìrípo pín àyíká rẹ̀, èsì rẹ̀ ju 3 àti 10/71 lọ, kò sì tó 3 àti 1/7. Èyí tó gbẹ̀yìn yẹn ni 22/7 tí wọ́n kọ́ wa nílé ìwé, tí a há sórí bí orin láìmọ ibi tó ti wá. Tèmi dúró sí méjìlá. Mo wọn ìlà méjìlá tí mo fi ṣọ́ọ̀kì yà, ó jẹ́ nǹkan bí ìńṣì 236. Mo fi ìbú tó jẹ́ 76 pín in, ó fún mi ní bíi 3.1. Fún káfíńtà, kò burú.

Àbúrò mi tó ń fi kọ̀ǹpútà yàwòrán rẹ́rìn-ín nígbà tó dé ṣọ́ọ̀bù. Ó ní fáìlì STL tí wọ́n ń fi ránṣẹ́ sí ẹ̀rọ 3D tó ń tẹ ohun gidi tó ṣeé dì mú jáde kò mọ ohun tó ń jẹ́ róbótó rárá. Onígun mẹ́ta pẹrẹsẹ ló kún inú rẹ̀, wọ́n kàn kéré débi pé ojú kò rí wọn.

Bódìjà ni mo ti ra pákó, ìrókò, torí ikán àti òjò. 2 by 6 ni, tó ku ìńṣì 5½ lẹ́yìn tí wọ́n fá a. Pákó mẹ́ta ló máa tò lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn ní ìhà kọ̀ọ̀kan, pẹ̀lú àlàfo díẹ̀ kí omi lè máa sẹ̀. Ẹyọ 36 ni gbogbo rẹ̀. Èyí tó wà lóde jù lọ, etí rẹ̀ gígùn lé díẹ̀ ní ìńṣì 19½. Etí inú pátápátá, lọ́dọ̀ igi, jẹ́ 10½. Igun àárín fún ìhà kọ̀ọ̀kan jẹ́ dígírì 30, ìyẹn ni pé orí pákó kọ̀ọ̀kan gba dígírì 15.

Ibẹ̀ ni mo ti ṣìṣe. Mo yí ẹ̀rọ ayùn oníná mi sí 15, mo gé gbogbo rẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ kan, inú mi ń dùn. Nígbà tí mo tò wọ́n sórí àwòrán ṣọ́ọ̀kì, èkíní bá ìlà mu. Èkejì náà bá a mu, bí o bá fẹ́ gbà fún un. Nígbà tí mo fi dé ìkẹfà, pákó ti kúrò lórí ìlà. Ìkejìlá dé, kò sì kan èkíní: inú wọn là sílẹ̀ ní bíi ìńṣì 2, ìta wọn là sílẹ̀ ní ìńṣì 4, bí àkàrà òyìnbó tí wọ́n ti gé díẹ̀ jẹ lára rẹ̀.

Mo jókòó sílẹ̀, mo ṣírò rẹ̀ sẹ́yìn. Òbìrípo náà jẹ́ bíi ìńṣì 239 yíká. Ìńṣì 4 nínú rẹ̀ jẹ́ bíi dígírì 6. Ojú ibi tí mo gé nínú òrùka kan jẹ́ 24, méjì lára pákó kọ̀ọ̀kan. Mo fi 24 pín 6: ìdá kan nínú mẹ́rin dígírì. Ẹ̀rọ náà ń pe 15, 14¾ ló ń gé. Kò sójú tó lè rí ìdá kan nínú mẹ́rin dígírì lára pákó kan, ṣùgbọ́n òrùka kò gbàgbé ọ̀kankan nínú rẹ̀. Ká ní ìhà 24 ni mo ṣe, àṣìṣe kan náà ì bá di dígírì 12. Inú mi wá dùn pé n kò gbọ́ ti ojúkòkòrò.

Láti tún orí pákó 72 gé? Rárá o, ìrókò wọ́n. Mo ti mọ̀ tẹ́lẹ̀ pé ìdajì méjì ni màá gbé lọ, torí ẹ̀ka máńgòrò kò ní jẹ́ kí a ti òkè fi òrùka wọ̀ ọ́ bí ìlẹ̀kẹ̀. Mo to ìhà mẹ́fà mẹ́fà, mo de oríkèé wọn pinpin láti ẹ̀yìn. Ìdajì tó péye, orí rẹ̀ méjèèjì gbọ́dọ̀ wà lórí ìlà gbọọrọ kan ṣoṣo. Mo fi okùn tó ní ṣọ́ọ̀kì na ìlà náà kọjá lórí méjèèjì, mo sì fi ìfági fá ohun tó yọ, láti ìhà inú. Ibi tó pọ̀ jù, kò tó ààbọ̀ ìńṣì. Àṣìṣe tó pín sí ibi 24, ibi mẹ́rin péré ni mo ti tún un ṣe. Nígbà tí mo ti ìdajì méjèèjì pọ̀, bébà kò lè gbà á láàárín kọjá.

Ọjọ́ kan la fi gbé e kalẹ̀. Èyí tó gbà wá lásìkò ni ilẹ̀ ọgbà tí kò tẹ́jú àti gbòǹgbò tó gbé orí sókè níbi ẹsẹ̀ méjì; a gé ẹsẹ̀ yẹn kúrú, a sì gbé wọn lé bíríkì.

Màmá yí i po lẹ́ẹ̀mejì kí wọ́n tó sọ̀rọ̀. Wọ́n fi ọwọ́ tọ etí rẹ̀, wọ́n dúró lórí igun kan.

"Káfíńtà, igun wà níbí."

"Bẹ́ẹ̀ ni, Màmá. Méjìlá ni."

"O ní róbótó ni."

Mo ní kí wọ́n bá mi dé ẹnu géètì, kí wọ́n wò ó láti ibẹ̀. Wọ́n wò ó títí. Mo ní tí wọ́n bá fẹ́, mo lè fá àwọn igun náà kúrò, ṣùgbọ́n etí pákó máa tín-ín-rín níbi oríkèé. Wọ́n ní kí n fi í sílẹ̀. Nígbà tí mo ń kó irinṣẹ́, wọ́n ti ń pín igun fún àwọn ọmọ ọmọ wọn kí ìjà má bàa ṣẹlẹ̀.

Àwòrán ṣọ́ọ̀kì náà ṣì wà nílẹ̀ ṣọ́ọ̀bù mi. Ẹnì kan tún wá fẹ́ orí tábìlì oníhà méjìlá, ìńṣì 18 péré láti àárín. Ọmọ iṣẹ́ mi kàn fa òbìrípo kékeré sínú ti tẹ́lẹ̀, ó fi ìlà méjìlá kan náà gé e, ó so ojú àmì pọ̀, ó sì mú téèpù. Dígírì 15 kò yí padà. Mo ní kó kọ́kọ́ fi àjókù pákó gé méjìlá, kó tò wọ́n yípo, kó tó fọwọ́ kan ìrókò ẹni ẹlẹ́ni.