Bí mo ṣe ka kátálọ́ọ̀gì orin kí n tó rí orin tó bá ilé Mọ́mì Ẹlẹ́yẹlé mu

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá mọ Ẹlẹ́yẹlé n'Ífẹ̀, ẹ máa mọ̀ pé ilé tí wọ́n ń kọ́ kiri báyìí, fẹ́ǹsì gíga ni, géètì irin dúdú, pẹ̀lú wáyà lórí ẹ̀. Àbúrò ìyá mi tí gbogbo wa ń pè ní Mọ́mì Ẹlẹ́yẹlé ò kọ́ irú ẹ̀. Fẹ́ǹsì tiwọn ò ju àyà èèyàn lọ, wọ́n sì mọ pẹpẹ gbọọrọ kan mọ́ ọn lára níta, kí ẹni tó ń ti ọjà bọ̀ tó ti rẹ̀ lè jókòó díẹ̀ kó tó máa lọ, yálà wọ́n mọ̀ ọ́n tàbí wọn ò mọ̀ ọ́n. Ẹnu ọ̀nà ò ní àtẹ̀gùn rárá, pẹrẹsẹ ni wọ́n ṣe é, kí àgbàlagbà tó ń tọ̀pá lè wọlé láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni ń fà á lọ́wọ́. Tẹ́ ẹ bá wọlé, kì í ṣe pálọ̀ lẹ máa kọ́kọ́ bá, àkòdì ni, àárín ilé tí wọn ò fi òrùlé bò, yàrá yí i ká, ọ̀dẹ̀dẹ̀ wà níwájú gbogbo yàrá, òrùlé sì dà sínú kí omi òjò lè gba ojú ihò kan lọ tààrà sínú táǹkì abẹ́ ilẹ̀. Báyìí làwọn baba wa ṣe ń kọ́lé n'Ífẹ̀ kí búńgálò tó dé.

Ohun tí mo fẹ́ràn jù nínú ilé yẹn ni ilẹ̀ àkòdì náà. Wọ́n ní kí bíríkìlà fi àpáàdì tẹ́ apá kan ẹ̀, wọ́n sì dúró tì í fúnra wọn títí ó fi parí. Ìlú wa yìí ló ni iṣẹ́ yẹn. Àwọn ilẹ̀ àpáàdì tí wọ́n ti hú jáde n'Ífẹ̀, wọ́n ní láàrin nǹkan bí ọdún 1000 sí 1400 ni wọ́n tẹ́ púpọ̀ nínú wọn, etí àpáàdì ni wọ́n máa ń gbé sókè kì í ṣe ẹ̀yìn ẹ̀, wọ́n á tò ó bí eegun ẹja, wọ́n tún máa ń fi òkúta funfun wẹ́wẹ́ sáàárín, ìtàn wa sì so iṣẹ́ náà mọ́ Lúwòó, obìnrin tó jẹ Ọọ̀ni. OAU ni Mọ́mì ti ṣiṣẹ́ títí wọ́n fi fẹ̀yìn tì, wọ́n sì máa ń sọ pé ibẹ̀ làwọn ti kọ́ pé ibòòji ló yẹ kí ilé kọ́kọ́ fún èèyàn, torí àwọn ilé tí Arieh Sharon, akítẹ́ẹ̀tì ará Ísírẹ́lì yẹn, yàwòrán ẹ̀ síbẹ̀ láti àwọn ọdún 1960, òkè yọ síta ju ìsàlẹ̀ lọ, oòrùn ò ráyè wọ ìsàlẹ̀, atẹ́gùn sì ń gba abẹ́ ẹ̀ kọjá. Ìdí nìyẹn tí ọ̀dẹ̀dẹ̀ tiwọn fi fẹ̀ tó bẹ́ẹ̀. Kíṣíìnì ní fèrèsé ńlá tó kọjú sí àkòdì, kẹ́ni tó ń dáná má bàa dá wà lẹ́yìn ilé nígbà táwọn tó kù ń ṣeré. Àní tọ́ílẹ́ẹ̀tì àlejò, ẹnu ọ̀nà ẹ̀ gba kẹ̀kẹ́ aláìsàn.

Nígbà tí ìṣílé ń súnmọ́, wọ́n pè mí. Èmi ni mò ń darí àwọn tó ń lo ohun èlò orin ní ṣọ́ọ̀ṣì wa. Wọ́n ní àwọn ò fẹ́ DJ, àwọn ọmọ mi làwọn fẹ́. Mo ní kò sí wàhálà mà, mélòó ni kí n mú wá? Wọ́n ní, "Gbogbo wọn. Àmọ́ gbọ́ o, ìwọ ọmọ yìí, mi ò fẹ́ kẹ́nikẹ́ni wá jókòó sínú ilé mi tí ò ní nǹkan kan tó ń ṣe, tá á máa wojú àwọn ẹlẹgbẹ́ ẹ̀. Wá orin tó máa kàn wọ́n." Iṣẹ́ tí wọ́n fún mi nìyẹn, mo sì mú un lọ́kàn, torí mo ti rí i lójú ara mi bí ọmọ tó ń kọ́ trombone ṣe máa ń di ohun èlò ẹ̀ mọ́ra látìbẹ̀rẹ̀ orin dópin láìfun nǹkan kan, tó bá sì di ọ̀sẹ̀ kejì, ẹ ò ní rí i ní rìhásà mọ́.

Kí n tó ṣí kátálọ́ọ̀gì kankan, ìyẹn ìwé tó ń to orin àti ohun èlò tí orin kọ̀ọ̀kan fẹ́, mo kọ́kọ́ kọ àwọn tá a ní sílẹ̀, bí kátálọ́ọ̀gì ṣe máa ń tò wọ́n gan-an. Ètò yẹn ò yí padà: àwọn onífèrè onígi ló máa ń ṣíwájú, ìyẹn flute, oboe, clarinet, bassoon, lẹ́yìn náà àwọn onídẹ, horn, trumpet, trombone, tuba, lẹ́yìn ìyẹn ìlù, hápù, kíbọ́ọ̀dù, àwọn olókùn bíi violin ló máa ń gbẹ̀yìn. Dáàṣì ló ń ya agbo kan kúrò lára èkejì. Tẹ́ ẹ bá rí 2.2.2.2 – 4.2.3.1 – timp – str, flute méjì, oboe méjì, clarinet méjì, bassoon méjì, lẹ́yìn náà horn mẹ́rin, trumpet méjì, trombone mẹ́ta, tuba kan, timpani, ìyẹn ìlù ńlá orchestra tó ní ohùn tiẹ̀, àtàwọn olókùn, ó parí. Tiwa jáde báyìí: 1.0.1.0 – 0.3.1.0 – kíbọ́ọ̀dù – str. Alto saxophone méjì tá a ní ò rí àyè nínú ètò yẹn rárá, torí saxophone kì í sí nínú orin orchestra àtijọ́, ẹ̀gbẹ́ ni mo kọ wọ́n sí. Ẹ kọ tiyín sílẹ̀ kẹ́ ẹ tó máa wo orin kankan o, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ orin tẹ́ ẹ fẹ́ràn lẹ máa mú, ẹ̀yìn ìgbà yẹn lẹ máa wá máa wá èèyàn fún un.

Mo wá bẹ̀rẹ̀ sí í wá òdo. Ibi tí òdo bá wà nínú láìnì orin, ìyẹn ìlà nọ́ńbà bí irú tí mo kọ yẹn, tí èmi sì ní èèyàn níbẹ̀, ẹni yẹn máa jókòó lásán nìyẹn. Ẹ wo Símfónì ogójì Mozart, K. 550 (nọ́ńbà tí wọ́n fi ń to iṣẹ́ Mozart nìyẹn) tó kọ ní 1788, láìnì méjì ni mo rí fún un, 1.2.0.2 – 2.0.0.0 – str lọ́nà kan, 1.2.2.2 – 2.0.0.0 – str lọ́nà kejì. Kì í ṣe àṣìtẹ̀, ẹ̀ẹ̀mejì ni Mozart ṣe é, ẹ̀ẹ̀kejì ló fi clarinet kún un, torí náà ẹ gbọ́dọ̀ wò ó kó yé yín èwo gan-an ni wọ́n ń tà fún yín. Orin tó dùn dé eegun ni, ṣùgbọ́n òdo ló wà lábẹ́ trumpet àti trombone nínú méjèèjì. Mo fi sílẹ̀. African Suite ti Fela Sowande náà, tí apá tó kẹ́yìn ẹ̀ ń jẹ́ Akinla, àwa ọmọ Yorùbá la ni ín, Mọ́mì sì fẹ́ràn ẹ̀ gan-an, àmọ́ olókùn àti hápù nìkan ló wà fún. Àti pé 1987 ni Sowande kú, òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ ọnà wa ní 70 ọdún lẹ́yìn ikú, kò tíì di ohun tẹ́nikẹ́ni lè kàn dà kọ, ẹ gbọ́dọ̀ rà á tàbí kẹ́ ẹ yá a.

Àwọn àmì kéékèèké wà tó yẹ kẹ́ ẹ fojú sí, torí wọ́n lè yí iye èèyàn padà. 3[1.2.pic], èèyàn mẹ́ta nìyẹn, ẹnì kẹta ló ń fun piccolo, fèrè kékeré yẹn. 2[1.2/pic], èèyàn méjì péré ni o, ẹnì kejì ló máa gbé flute sílẹ̀ kó gbé piccolo. Tó bá kọ timp+2, onítimpani kan àti onílù méjì míì ni. Ti àwọn olókùn yàtọ̀ pátápátá: tẹ́ ẹ bá rí 8.8.5.5.5 lára owó ìwé orin, kì í ṣe iye èèyàn, iye ìwé ni, torí èèyàn méjì ló máa ń wo ìwé kan, ẹ má ra mẹ́jọ mẹ́jọ bí ẹ̀dà mẹ́ta bá ti tó yín. Opt túmọ̀ sí pé ẹ lè yọ ohun èlò yẹn kúrò, cued túmọ̀ sí pé wọ́n ti kọ ohùn ẹni tí ò sí sínú ìwé ẹlòmíì ní lẹ́tà wẹ́wẹ́. Èyí tó ń jẹ́ flexible, mo gbàdúrà fẹ́ni tó kọ́kọ́ rò ó, ohùn márùn-ún péré lábẹ́ ẹ̀, ohùn kọ̀ọ̀kan sì ní ìwé C, B flat, E flat àti F (lẹ́tà yẹn ni ohùn tó máa ń jáde tí ohun èlò náà bá fun C tí wọ́n kọ sínú ìwé ẹ̀), ohun èlò yòówù kẹ́ ẹ ní, ó máa rí ìwé tiẹ̀. Mo mú orin ìyìn kan níbẹ̀ fún ìgbà táwọn àlejò bá ń wọlé, gbogbo wọn ló sì rí nǹkan ṣe, àwọn onísaxophone gan-an pẹ̀lú.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún wo irú ìwé tó jẹ́. Full score, ìwé adarí ni, gbogbo ohùn lápapọ̀. Vocal score, ohùn akọrin àti piyánò tó dúró fún orchestra ni, ẹni tó bá ra èyí fún onítrumpet ò ra nǹkan kan. Parts ni ìwé ẹnì kọ̀ọ̀kan. Rental tàbí hire, yíyá ni wọ́n ń yá a, ẹ ò lè rà á.

Haleluya Handel ni mo wá mú fún àárín ètò, torí kúáyà náà ń bọ̀, gbogbo èèyàn ló sì mọ̀ ọ́n n'Ífẹ̀ yìí. Inú Messiah ló wà, HWV 56 (nọ́ńbà tí wọ́n fi ń to iṣẹ́ Handel), tó kọ́kọ́ jáde ní Dublin ní 1742. IMSLP, ilé ìkówèé orin tó wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì láti 2006, ní in lọ́fẹ̀ẹ́, torí Handel ti kú tipẹ́. Níbẹ̀ náà, ẹ ṣọ́ra, ti Handel fúnra ẹ̀ jẹ́ 0.2.0.1 – 0.2.0.0 – timp – kíbọ́ọ̀dù – str, ṣùgbọ́n ní 1789 Mozart tún un ṣe, ó fi flute, clarinet, horn àti trombone kún un, ìyẹn K. 572, ó sì wu èèyàn láti mú un torí ohun èlò pọ̀ níbẹ̀. Mo ronú sí i, ti Handel ni mo mú, torí ẹni tó bá jọ ara wọn nínú ohùn, mo lè gbé wọn síra wọn. Fèrè wa gba ohùn oboe kìíní bó ṣe wà, clarinet gba ìkejì, mo kàn gbé e sókè ohùn kan nítorí B flat ni clarinet. Trombone ń ka ìwé bassoon, kílẹ́ẹ̀fì kan náà, ìyẹn àmì tó máa ń bẹ̀rẹ̀ ìlà orin, ni wọ́n ń lò. Trumpet tó wà nínú ìwé Handel, D ni, tiwa B flat, nítorí náà ibi tí D kọ C sí, tiwa á kọ E, mo jókòó kọ gbogbo ẹ̀ sórí kọ̀ǹpútà. Ẹnì kẹta nínú àwọn onítrumpet mọ kíbọ́ọ̀dù tẹ̀, timpani ni mo fún un, ohùn méjì péré ni, D àti A. Àwọn onísaxophone wá ń ti àltò àti ténọ̀ kúáyà lẹ́yìn, ìwé E flat ni mo kọ fún wọn.

Orin tó kù, mo kọ ọ́ fúnra mi, torí kò sí kátálọ́ọ̀gì tó ní i. Orin ìdúpẹ́ tá a máa ń kọ nílé wa ni, mo fi dùndún sí i. Ibi tí mo ti ń kọ láìnì ẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ti dùn mí. Nínú kátálọ́ọ̀gì, perc ni wọ́n máa ń kó gbogbo ìlù sí, wọ́n á kọ 1perc tàbí 2perc. Ìyáàlù kì í ṣe perc lásán, ó ń sọ̀rọ̀, ó ń pe oríkì, Ọ̀jọ̀gbọ́n Akin Euba tó ti ṣiṣẹ́ n'Ífẹ̀ níbí, tó kú ní 2020, ti lo ọ̀pọ̀ ọdún láti fi hàn pé odindi ètò orin ni dùndún jẹ́. Ẹni tó bá fẹ́ mú orin mi yẹn lọ ṣe lọ́la gbọ́dọ̀ mọ ẹni tó máa pè. Ohun tí mo kọ nìyí: 1.0.1.0 – 0.3.1.0 – alto sax méjì – ìyáàlù, kẹríkẹrì, gángan, gúdúgúdú – kíbọ́ọ̀dù – str. Mo kọ ọ́ kedere sókè ojú ewé kìíní.

Ó wá ku ibi tí wọ́n máa jókòó. Mo mú tépù lọ wọn àkòdì, àwọn olókùn wà lórí apá tó tẹ́jú torí ẹsẹ̀ cello ò ní dúró dáadáa lórí àpáàdì, àwọn onítrumpet wà lábẹ́ ọ̀dẹ̀dẹ̀ lẹ́yìn torí ògiri sìmẹ́ǹtì ń dá ohùn wọn padà gan-an. Mo ti fi onítrombone sẹ́bàá fèrèsé kíṣíìnì, kó ní àyè tó láti na ọwọ́ siwájú. Mo fi láìnì yẹn ránṣẹ́ sí bàbá onídùndún lórí fóònù, wọ́n pè mí padà lójú ẹsẹ̀, wọ́n ní ìyáàlù ò gbọdọ̀ jìnnà sí gúdúgúdú, àti pé ibi tí ojú àwọn ti máa rí ẹnu ọ̀nà làwọn fẹ́ dúró sí, kí àwọn lè máa ki àlejò bó ṣe ń wọlé. Mo sọ fún Mọ́mì, wọ́n ní kí n gbé àmù omi kúrò lẹ́nu ọ̀nà kí àyè lè gba àwọn onílù.