Bí mo ṣe tẹ lẹ́tà র sórí káàdì ọdún tuntun Bengali

Màmá kan láti Bangladesh, aládùúgbò wa ní Whitechapel, London, ló ní kí n bá òun tẹ káàdì ìpè fún Pohela Boishakh, ọjọ́ kìíní ọdún Bengali, tí Bangladesh máa ń ṣe ní 14 oṣù kẹrin. Wọ́n ti fọwọ́ kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ sílẹ̀. Word ni mo lò, pẹ̀lú kíbọọ̀dù Bengali InScript àti fọ́ńtì Nirmala UI.

Lẹ́tà র, tó ń dún bí r, ló gba àkókò mi jù. Ó jọ ব, tí í ṣe b, àmì abẹ́ rẹ̀ nìkan ló yà wọ́n, bí ọ àti o tiwa. Ìyẹn ò le. Wàhálà ibẹ̀ ni pé tó bá ti so mọ́ kọ́ńsónáǹtì mìíràn, ó máa ń paradà.

শুভ নববর্ষ, "ẹ kú ọdún tuntun", ló wà lókè káàdì. Ojú á sọ fún ọ pé ষ ló ṣáájú ìlà kékeré tó gùn ún lórí. Irọ́ ni! Ìlà yẹn gan-an ni র, reph ni wọ́n ń pè é. Etí ni mo tẹ̀ lé: r dún ṣáájú sh, torí náà mo tẹ র, mo tẹ hasanta, kí n tó tẹ ষ. Hasanta, tó wà lórí bọ́tìnnì d, ló ń pa fáwẹ̀lì tó fara pamọ́ sínú kọ́ńsónáǹtì, kí ó lè so mọ́ èyí tó tẹ̀ lé e.

Nínú আমন্ত্রণ, ìyẹn ìpè, র ló gbẹ̀yìn nínú mẹ́ta tó so pọ̀, abẹ́ ló sì bọ́ sí. Mo tẹ bọ́tìnnì v (ন), d (hasanta), l (ত), d, j (র), ন্ত্র sì jáde. Èyí dùn mọ́ mi ju gbogbo ìyókù lọ.

Tẹ́tẹ́ oríire tí wọ́n fẹ́ ta tíkẹ́ẹ̀tì rẹ̀, র‍্যাফেল ড্র, ló gba ọgbọ́n. ড্র rọrùn. Ṣùgbọ́n bí a bá tẹ র, hasanta àti য bẹ́ẹ̀ lásán, reph ni kọ̀ǹpútà yóò gbé ka orí য: র্যা. A sì fẹ́ kí র dúró gedegbe, kí য tẹ́ sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Lẹ́yìn র, mo yí kíbọọ̀dù sí Gẹ̀ẹ́sì, mo tẹ 200D, mo wá tẹ Alt àti X pọ̀. Àmì àìrí kan tó ń jẹ́ ZWJ wọlé. Mo padà sí Bengali, mo tẹ hasanta, য àti া.

Mo sọ ọ́ di PDF kí n tó gbé e lọ sí ilé ìtẹ̀wé, torí kọ̀ǹpútà tiwọn lè máà ní fọ́ńtì náà.